Ọdún tí Bàbá Àgbà ń Kọ Ìtàn Ìdó-Arò ní Falconridge

Bí ẹ bá fẹ́ mọ irú ilé tí a gbé ní Falconridge, àdúgbò kan ní Calgary ní Canada, ariwo rẹ̀ ni kí ẹ kọ́kọ́ gbọ́. Furnace, ẹ̀rọ tí ń mú ilé gbóná, ni í kọ́kọ́ jí. Yóò hó gùùù lábẹ́ ilẹ̀, Màmá Àgbà yóò bẹ̀rẹ̀ orin àdúrà ní yàrá wọn, ìyá mi yóò máa wá kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ tí ó wà lọ́wọ́ wọn, bàbá mi tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ti ibi iṣẹ́ dé yóò máa ha snow kúrò lẹ́nu ọ̀nà, ọkọ̀ òfurufú yóò sì gba orí òrùlé wa kọjá lọ sí airport bí ẹni pé ó fẹ́ yà bá wa jẹun. Láàárín gbogbo rẹ̀ ni ohùn Bàbá Àgbà yóò ti basement, yàrá abẹ́ ilé, wá: "Ta ló gbé gíláàsì mi?" Ojú wọn ni gíláàsì náà máa ń wà. Èmi ni mo máa ń sọ̀kalẹ̀ lọ sọ fún wọn, òyìnbó ni mo sì fi ń sọ ọ́: "It's on your face, Grandpa." Wọ́n á ní, "Ṣé òyìnbó ni mo fi bi ọ́ ni?" Wọn kò ní jẹ́ kí n lọ àfi bí mo bá tún un sọ ní Yorùbá, pẹ̀lú gbogbo ọ̀wọ̀ tí ó yẹ kí ó wà níbẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni mí nígbà náà, mo sì gbà pé gbogbo àgbàlagbà ayé ni ó máa ń gbàgbé gíláàsì sójú.

Bàbá Àgbà ni wọ́n bí bàbá mi. Olùkọ́ ìtàn ni wọ́n ní ilé ẹ̀kọ́ girama ní Ìdó-Arò, ìlú wa, títí wọ́n fi fẹ̀yìntì, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnu wọn kò fẹ̀yìntì rárá. Nọ́ọ̀sì agbẹ̀bí ni Màmá Àgbà. Ọwọ́ wọn ni ìdajì ìlú bọ́ sí nígbà tí wọ́n ń wá sáyé. Wọ́n wá bá wa gbé kí ẹnì kan lè wà nílé pẹ̀lú èmi àti Táyọ̀ àbúrò mi, torí nọ́ọ̀sì ni ìyá mi náà, wọn kì í gbélé, bàbá mi sì ń to páálí ní warehouse kan lẹ́bàá airport. Ẹnjiníà ni bàbá mi kí a tó kúrò ní Nàìjíríà. Iṣẹ́ epo rọ̀bì ni wọ́n ṣe níbẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọdún, ṣùgbọ́n ní Calgary, níbi tí ilé gíga àárín ìlú ti kún fún àwọn elépo, kò sí ẹni tí ó pè wọ́n. Wọn kì í ráhùn létí wa. Wọ́n kàn máa ń jẹun láìsọ̀rọ̀, Màmá Àgbà yóò sì rọra fi ẹran kún tiwọn, pé kí ẹnikẹ́ni má rí i, bẹ́ẹ̀ gbogbo wa la rí i.

Summer ń parí lọ nígbà tí ṣọ́ọ̀ṣì kan ní àdúgbò wa kó ẹrù àlòkù jáde láti tà. Màmá Àgbà lọ wá ìkòkò, wọ́n sì rí ìkòkò. Bàbá Àgbà ní àwọn kàn fẹ́ sìn wọ́n lọ ni, àmọ́ ìwé ni wọ́n gbé dé. Ìwé náà nípọn, ó wúwo, awọ pupa tí ó ti ń ṣí ni wọ́n fi bò ó, ó sì ń rùn bí àpótí tí wọ́n ti pa dé láti ọjọ́ pípẹ́. Ìtàn agbègbè kan ṣoṣo ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ni, irú èyí tí wọ́n ń pè ní county, láti abúlé dé abúlé, láti ṣọ́ọ̀ṣì dé ṣọ́ọ̀ṣì. Ìyá mi wò ó, wọ́n ní, "Bàbá, kí la fẹ́ fi eléyìí ṣe? Ta la mọ̀ níbẹ̀?" Bàbá Àgbà dáhùn pé, "A ò mọ ẹnikẹ́ni. Ìyẹn gan-an ni mo ṣe rà á. Mo fẹ́ wo bí èèyàn ṣe lè fẹ́ràn abúlé rẹ̀ tó báyìí." Láti ọjọ́ náà ni basement ti di tiwọn, tí ẹnikẹ́ni kò sì lè fa vacuum níbẹ̀ mọ́ láìgba àṣẹ.

Ìdí àwo fífọ̀ ni mo ti gbọ́ ìtàn àwọn òǹkọ̀wé tí ó kọ irú ìwé bẹ́ẹ̀. Èmi ń fọ̀, Táyọ̀ ń nù, Bàbá Àgbà jókòó sórí àga ìdáná, wọ́n ń sọ ti àwọn ọkùnrin ayé àtijọ́ kan tí kò sí ohun tí ó wù wọ́n ju pé kí wọ́n máa gun ẹṣin láti abúlé kan sí èkejì lọ. Bí wọ́n bá dé, itẹ́ òkú ni wọ́n kọ́kọ́ ń lọ. Wọ́n á kúnlẹ̀ sínú koríko, wọ́n á nu ara òkúta, wọ́n á da orúkọ òkú kọ. Wọ́n á wọ inú ṣọ́ọ̀ṣì, wọ́n á máa wo àmì ìdílé tí ó wà lára fèrèsé. Wọ́n á kọ ìbéèrè ránṣẹ́ sí àwọn àlùfáà agbègbè náà: ta ló ni ilẹ̀ yìí tẹ́lẹ̀, odò wo ló ṣàn gba ibẹ̀ kọjá, ọdún wo lẹ máa ń ṣe? Ọ̀pọ̀ àlùfáà kò ní dáhùn. Òmíràn nínú àwọn òǹkọ̀wé náà á lo gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ lórí agbègbè kan ṣoṣo, á kú kí ó tó kọ ọ́ dé ìdajì, ẹlòmíràn á gbà á, òun náà á kú. Mo bi wọ́n pé, "Why didn't they just stop?" Bàbá Àgbà ní, "Ẹni tó ń lọ sílé baba rẹ̀, ṣé ó máa ń padà lójú ọ̀nà ni?" Ohun kan péré ni Bàbá Àgbà kò fi jì wọ́n. Àwọn ọlọ́lá abúlé ni í ṣe onígbọ̀wọ́ ìwé títẹ̀, ẹni tí ó bá sì ṣe é, wọ́n á ya àwòrán ilé rẹ̀ sínú ìwé, wọ́n á tẹ ìtàn ìdílé rẹ̀ gẹ́gẹ́ bí òun fúnra rẹ̀ ṣe gbé e wá. Oníkálukú á ní baba ńlá òun wà nínú ọkọ̀ ojú omi tí ó gbé ọba ajagunṣẹ́gun tó gba ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì dé. Bàbá Àgbà á ní, "Bí gbogbo wọn bá wọ ọkọ̀ yẹn lóòótọ́, ìsàlẹ̀ òkun ni ìtàn ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ì bá parí sí." A máa ń rẹ́rìn-ín títí Màmá Àgbà á fi ké láti pálọ̀ pé kí a má fọ́ àwo àwọn.

Kò pẹ́ tí Bàbá Àgbà fi ní àwọn náà á kọ ti Ìdó-Arò, ní àdúgbò-dé-àdúgbò, bí ti àwọn òyìnbó yẹn. Ẹṣin kò sí, ṣùgbọ́n WhatsApp wà. Wọ́n gbé ẹnu sẹ́bàá fóònù, wọ́n sì ń pariwo sí i bí ẹni tí ó ń pe ẹni tó wà ní òdìkejì odò: "Ẹ kú àárọ̀ o! Àdúgbò wo lẹ ti wá? Ta ló kọ́ ilé àkọ́kọ́ níbẹ̀? Kí ni ẹ kì í jẹ, kí ló sì dé tí ẹ kì í jẹ ẹ́?" Wọ́n fi ohùn náà ránṣẹ́ ní voice note sí gbogbo ọmọ Ìdó-Arò tí wọ́n ní nọ́ńbà wọn, nílé àti lókè òkun. Àwọn àlùfáà òyìnbó ìgbàanì tún sàn ju àwọn èèyàn wa lọ. Ẹnì kan fi àdúrà oṣù tuntun dá wọn lóhùn. Òmíràn na àtàǹpàkò sókè, ó tán. Obìnrin kan ní Copperfield, àdúgbò mìíràn ní Calgary, dáhùn gidi, ṣùgbọ́n bí wọ́n ṣe ń se ẹja ní àdúgbò wọn ni ó rò láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin. Bàbá Àgbà kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ dé orí iyọ̀. Wọ́n ní ìtàn ni ẹja náà.

Ọjọ́ kan sì wà tí wọ́n ní àwọn fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń ka òkúta, pé kí bàbá mi fi ọkọ̀ gbé wa lọ sí itẹ́ òkú. Màmá Àgbà ní ẹsẹ̀ àwọn kò ní débẹ̀, pé kí ni èèyàn ń wá lọ sọ́dọ̀ òkú olókùú nínú òtútù. Snow ti bo gbogbo ilẹ̀. Bàbá Àgbà wọ jákẹ́ẹ̀tì bàbá mi lé bùbá, wọ́n ń fi ìbọ̀wọ́ gbá snow kúrò lórí òkúta, wọ́n ń ka orúkọ sókè, wọ́n sì ń kí olúkúlùkù wọn, "Ẹ kú ìsinmi o." Táyọ̀ fà mí láṣọ: "Are we allowed to do this?" Obìnrin òyìnbó arúgbó kan tí ó gbé òdòdó wá dúró, ó wò wá títí, ó sì bèèrè ohun tí a ń wá. Bàbá Àgbà sọ fún un pé àwọn ń kọ́ṣẹ́ ìtàn ni. Obìnrin náà mú wọn lọ síbi ìyá rẹ̀, ó sọ ibi tí ìyá náà ti wá àti irú oko tí wọ́n dá, àwọn méjèèjì sì dúró síbẹ̀ tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ títí ẹsẹ̀ àwa ọmọdé fi kú tán. Nísinsìnyí tí mo ti ní ọmọ tèmi, tí mo sì ń gbé ní Copperfield fúnra mi, bí a bá kọjá lẹ́bàá itẹ́ òkú, mo máa ń dẹ ọkọ̀ sílẹ̀ díẹ̀. N kò tíì lè ṣàlàyé rẹ̀ fún ọkọ mi.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá le ni ìgbà tí Ẹ̀gbọ́n Airdrie dé. Bí a ṣe ń pè wọ́n nílé wa nìyẹn, torí Airdrie, ìlú kan lẹ́bàá Calgary, ni wọ́n ń gbé. Ọmọ Ìdó-Arò ni wọ́n, ọ̀gá ni wọ́n ní ilé iṣẹ́ epo kan, èèyàn dáadáa sì ni. Wọn kò wá lọ́wọ́ òfo. Wọ́n gbọ́ voice note, wọ́n sì wá fúnra wọn. Wọ́n ní, "Bàbá, ìwé yìí, everything ni mo máa sponsor. Hard cover, àwòrán aláwọ̀, gbogbo ẹ̀. Kìkì pé chapter tiwa, ẹ jẹ́ kó clear pé àwa la tẹ ìlú dó. Ẹ̀gbọ́n mi ń du oyè nílé, wọ́n sì ń sọ pé a kì í ṣe onílẹ̀. Tó bá ti wà nínú ìwé, ọ̀rọ̀ ti parí." Bàbá Àgbà ní, "Ilé Aró ló tẹ̀ ẹ́ dó. Àwọn baba yín bá wọn níbẹ̀ ni." Ẹ̀gbọ́n Airdrie rẹ́rìn-ín: "Bàbá, ta ló kù ní Ilé Aró? Ìyá arúgbó méjì pẹ̀lú ewúrẹ́." Gbogbo wa rẹ́rìn-ín, àfi Bàbá Àgbà. Lẹ́yìn náà ni Ẹ̀gbọ́n Airdrie kọjú sí bàbá mi: "Akin, send me your résumé. Wọ́n ń wá èèyàn ní department wa, ẹni tó ń gbà wọ́n, ọ̀rẹ́ mi ni. Ṣùgbọ́n jẹ́ ká kọ́kọ́ parí ọ̀rọ̀ ìwé Bàbá." Kò sí ẹni tí kò gbọ́ ohun tí wọ́n sọ, kò sì sí ẹni tí kò gbọ́ ohun tí wọn kò sọ.

Bàbá Àgbà ní irọ́ kò ní wọ ìwé àwọn, ó parí. Ṣùgbọ́n ilé wa ní ihò kan tí afẹ́fẹ́ gbígbóná ń gbà láti basement dé ilé ìdáná, ohun tí wọ́n bá sì sọ lókè, ìsàlẹ̀ la ti ń gbọ́ ọ. Mo wà lọ́dọ̀ Bàbá Àgbà ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, mò ń ṣe homework, nígbà tí ohùn ìyá mi gba ibẹ̀ wá: "Mi ò ní kí Bàbá purọ́ o. Mi ò sọ bẹ́ẹ̀. Ṣùgbọ́n ọwọ́ ọ̀tún yín kò ṣeé gbé sókè mọ́ nítorí páálí, ẹ rò pé mi ò rí i?" Ohùn bàbá mi dáhùn pé, "Jẹ́ kó lọ. Mi ò lè bẹ bàbá mi bẹ́ẹ̀ láyé." Mo wo Bàbá Àgbà. Bíró wọn ti dúró lórí ìwé. Wọ́n ní kí n máa ṣe iṣẹ́ mi, pé ọ̀rọ̀ tọkọtaya ni. Lẹ́yìn náà wọ́n sọ ọ́ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́, bí ẹni pé èmi kọ́ ni wọ́n ń sọ ọ́ fún: "Òtítọ́ dé ọjà, ó kùtà." Mo mọ èyí tó kù, torí àwọn ni wọ́n kọ́ mi pé owó lọ́wọ́ là ń ra èké, ṣùgbọ́n wọn kò parí rẹ̀. Láti ọjọ́ náà ìtàn kò sí nídìí àwo mọ́. Ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, wọ́n jókòó sídìí oúnjẹ, wọ́n ní, "Ẹ pe ọmọkùnrin yẹn kó wá ní Saturday. Mo ti kọ tiwọn." Kò sí ẹni tí ó bi wọ́n pé kí ni wọ́n kọ. Bàbá mi wo àwo ẹ̀bà wọn. Inú mi dùn pé a ó rí iṣẹ́, inú mi sì bàjẹ́, n kò mọ èyí tó tọ́ kí n tẹ̀ lé nínú méjèèjì.

Ní Saturday náà, Màmá Àgbà gún iyán, wọ́n se ẹ̀gúsí tí òórùn rẹ̀ dé títì. Ẹ̀gbọ́n Airdrie bọ́ bàtà lẹ́nu ọ̀nà, wọ́n dọ̀bálẹ̀ kí Bàbá Àgbà, wọ́n sì yí sí ọ̀dọ̀ Màmá Àgbà. Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n wá, Màmá Àgbà wà lẹ́nu iṣẹ́ ìyọ̀ǹda-ara-ẹni wọn ní ṣọ́ọ̀ṣì, wọn kò tíì fojú kan ara wọn ní Canada. Ó yẹ kí ẹ mọ̀ pé nílùú wa, ìyá àgbà kì í kí ọmọ ọkùnrin ní "kú àbọ̀" lásán. Màmá Àgbà di orí Ẹ̀gbọ́n Airdrie mú pẹ̀lú ọwọ́ méjèèjì, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí kì í, bí wọ́n ṣe ń gbọ́ ọ lẹ́nu ìyá rẹ̀ nígbà tí ilé wọn kọjú síra:

"Àkànjí, ọmọ ẹrù-ń-bẹ-lórí,
Ọmọ ẹ-bá-mi-sọ̀-kí-n-sinmi.
Òjò ló lé baba rẹ wọ Ìdó-Arò,
Ó bá onílé nílé, ó kí onílé, onílé dáhùn.
Wọ́n fún un ní yàrá, ó sọ ọ́ di ilé,
Wọ́n fún un ní ilé, ó sọ ọ́ di àdúgbò.
Ọmọ àlejò tó tún ilé onílé ṣe,
Àkànjí, sọ̀ ọ́ kalẹ̀, o ti délé."

Ọkùnrin ńlá yẹn sunkún. N kò rí ọkùnrin tó wọ aago báyẹn sunkún rí. Wọ́n ní, "Màmá, láti ìgbà tí ìyá mi ti lọ, kò sẹ́ni tó pè mí bẹ́ẹ̀." Màmá Àgbà fi etí ìró nu ojú wọn, wọ́n ní kí wọ́n wá jẹun. Mo bẹ ẹ̀yin òǹkàwé mi pé kí ẹ má rò pé ọgbọ́n ni Màmá Àgbà dá. Mo bi wọ́n títí mo fi dàgbà. Wọn kò mọ ohun tó wà nínú ìwé Bàbá Àgbà; ọmọ ọ̀rẹ́ wọn ni wọ́n rí, wọ́n sì kí i bó ṣe yẹ.

Lẹ́yìn oúnjẹ, Bàbá Àgbà dìde dúró pẹ̀lú abala ìwé tí wọ́n kọ ti ìdílé Ẹ̀gbọ́n Airdrie sí. Wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí kà: "Ní ìbẹ̀rẹ̀, nígbà tí igbó ṣì bo gbogbo Ìdó-Arò, tí ẹnikẹ́ni kò tíì dáná níbẹ̀, ìdílé Ẹrù-ń-bẹ-lórí ni ó kọ́kọ́ dé…" Ohùn wọn rẹlẹ̀ díẹ̀díẹ̀, ó sì dúró. Màmá Àgbà gbé ojú sókè: "Bàbá Akin, kí lẹ kà yẹn?" Bàbá Àgbà wo Ẹ̀gbọ́n Airdrie tí omijé ṣì wà lójú wọn, wọ́n sì wo bàbá mi. Wọ́n ní, "Irọ́ ni. Èmi ni mo kọ ọ́. Ọmọ mi ń to páálí, Àkànjí, ọmọ mi sì ń to páálí lójú mi."

Ẹ jẹ́ kí n yára sọ ohun tó tẹ̀yìn rẹ̀ wá, torí kì í ṣe òun ni mo ń bá bọ̀. Ẹ̀gbọ́n Airdrie dúpẹ́ oúnjẹ, wọ́n wọ bàtà, wọ́n lọ. Wọn kò pe bàbá mi fún iṣẹ́ kankan, wọn kò sì ṣe onígbọ̀wọ́ ìwé, ṣùgbọ́n lẹ́yìn oṣù díẹ̀ wọ́n bẹ Màmá Àgbà kí wọ́n ka oríkì yẹn sínú fóònù fún àwọn. Oríkì náà gan-an ni Bàbá Àgbà wá kọ gẹ́gẹ́ bí ìtàn ìdílé wọn, láìfi kún un, láìyọ kúrò. Ṣọ́ọ̀bù kan lójú títì ni ó fi ike di ìwé náà fún wa, kò ní àwòrán aláwọ̀. Iṣẹ́ bàbá mi dé láti ibòmíràn, ó pẹ́ kó tó dé, páálí sì ti ṣe ọwọ́ wọn bó ṣe fẹ́ ṣe é.

Ohun tí mo ń bá bọ̀ ni ohun tí bàbá mi ṣe nígbà tí Bàbá Àgbà sọ ọ̀rọ̀ yẹn. Wọ́n dìde lórí àga, wọ́n nà gbalaja sórí kápẹ́ẹ̀tì níwájú bàbá wọn, àyà wọn kanlẹ̀, lójú àlejò, lójú aya, lójú àwa ọmọ. Wọ́n ní, "Bàbá, ẹ ṣé. Ẹ ṣé, sà. Ẹ ya á." Bàbá Àgbà ní, "Dìde, Akin." Bàbá mi kò dìde. Wọ́n ní, "Ẹ kọ́kọ́ ya á, sà." Bàbá Àgbà ya abala ìwé náà sí méjì, wọ́n bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ pẹ̀lú ìrora eegun, wọ́n sì na ìdajì kan sí ọmọ wọn: "Ìwọ náà ya tìẹ." Bàbá mi dìde jókòó sórí kápẹ́ẹ̀tì, wọ́n ká ẹsẹ̀ kò bí ọmọdé, wọ́n ń ya á wẹ́wẹ́, wọ́n ń sunkún, wọ́n sì ń rẹ́rìn-ín.